Oyèdélé Mai Jijiya àti Ọwọ́ Ọ̀tún Moróunkẹ́

Ọjọ́ tí Bàbá Oyèdélé gbé apá èèyàn wọ bọ́ọ̀sì ní Kakuri, awakọ̀ ló kọ́kọ́ sá. Ọkọ̀ náà kò tíì gbéra, ó ku èrò kan kó kún. Ìyá kan tó jókòó ti Bàbá wo ìdì gígùn tó wà lórí itan rẹ̀, ó rí ìka márùn-ún tó yọ lẹ́nu ìdì náà, èékánná sì wà lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn. Ó figbe ta: "Hannu! Hannun mutum ne! Ọwọ́ èèyàn ni o!" Kó tó parí igbe náà, awakọ̀ ti já ilẹ̀kùn sá, àwọn èrò ń bọ́ láti ojú fèrèsé, ìyá náà fúnra rẹ̀ sì ti gbàgbé adìẹ mẹ́ta tó rà, ó gbé báàgì ẹlòmíràn lọ.

Bàbá Oyèdélé nìkan ló ṣẹ́kù nínú ọkọ̀. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó ń bi ara rẹ̀ léèrè ohun tó ń lé àwọn èèyàn. Òun náà fẹ́ sá, ṣùgbọ́n kò mọ ohun tí ì bá máa sá fún.

Ọdún 2007 nìyẹn, ọjọ́ tí iléeṣẹ́ aṣọ tó ti ń ṣiṣẹ́ fún ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ti ilẹ̀kùn pa. Wọ́n ní kí oníkálukú mú ohun kan dání lọ sílé kó fi ṣe ìrántí. Àwọn kan gbé àga, àwọn kan gbé fáànù, ọ̀gá àwọn ahunṣọ gbé odindi ìdì aṣọ méjì. Bàbá Oyèdélé ló ń di ojú ọgbẹ́ fún àwọn òṣìṣẹ́ ní kílíníìkì iléeṣẹ́ náà. Ó wọ yàrá rẹ̀ lọ, ó fi àga sílẹ̀, ó fi fáànù sílẹ̀, ó gbé apá kan ṣoṣo tí wọ́n fi pílásítà mọ, èyí tí dókítà iléeṣẹ́ fi kọ́ ọ níṣẹ́ nígbà tó kọ́kọ́ dé ibẹ̀. Pupa ni wọ́n kun iṣan àlọ, ìyẹn èyí tó ń gbé ẹ̀jẹ̀ jáde láti ọkàn. Búlúù ni wọ́n kun iṣan àbọ̀, èyí tó ń dá ẹ̀jẹ̀ náà padà. Ó fi àǹkárá wé e bí ẹni wé ọmọ tuntun, ṣùgbọ́n aṣọ náà kò gùn tó láti bo ìka.

Kó tó sọ̀kalẹ̀, èrò ti yí ọkọ̀ ká. "'Yan yankan kai!" ni wọ́n ń pariwo, ìyẹn àwọn tó ń gé orí èèyàn. Ẹnìkan ti mú òkúta, òmíràn ti mú igi. Ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe eré mọ́. Ẹlòmíràn ì bá ti kúnlẹ̀, kó máa bẹ̀bẹ̀. Bàbá Oyèdélé ní tirẹ̀ bínú. Ó dúró lẹ́nu ilẹ̀kùn bọ́ọ̀sì, ó tú àǹkárá náà, ó sì gbé apá náà sókè.

"Ẹ̀yin èèyàn yìí, ṣé ojú ń dùn yín ni? Ta ló rí apá òkú tó kun ọ̀dà rí? Ku duba! Ẹ wò ó dáadáa! Ẹ̀jẹ̀ gbéra nínú ọkàn, ó gba abẹ́ egungun tó wà láàárín ọrùn àti èjìká kọjá. Ó wọ abíyá. Ó jáde ní abíyá, ó ń gba inú apá bọ̀ nísàlẹ̀, ẹ̀ka kan sì yà gba ẹ̀yìn egungun lọ. Ó dé ìgbọ̀nwọ́, ó pín sí méjì. Ọ̀kan gba ọ̀nà àtàǹpàkò, èkejì gba ọ̀nà ọmọńdinrín. Àwọn méjèèjì tún lọ pàdé ní àtẹ́lẹwọ́, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń pín oúnjẹ fún ìka. Níbo wá ni mo ti gé ti ẹnikẹ́ni níbẹ̀?"

Ẹni tó mú òkúta ti sọ òkúta sílẹ̀, ó ń tẹ inú ìgbọ̀nwọ́ ara rẹ̀ wò. Ibẹ̀ ni àwọn ọlọ́pàá dé bá wọn, wọ́n sì kó Bàbá àti apá náà lọ sí àgọ́ wọn.

Ní àgọ́, ọ̀gá ọlọ́pàá ní kó tún un sọ. Ó tún un sọ, kò yẹ ẹsẹ̀ kan. Ọ̀gá náà wò ó títí, ó wá ká apá aṣọ rẹ̀ sókè. "Bàbá, apá òsì mi yìí máa ń kú bí mo bá jí láàárọ̀. Kí ló fà á?" Bí ó ṣe di pé gbogbo àgọ́ tò nìyẹn, ti ọlọ́pàá ti ẹlẹ́wọ̀n, kí Bàbá lè tẹ ọrùn ọwọ́ wọn wò. Ọkọ̀ ọlọ́pàá ló gbé e délé. Wọ́n ní ohun tí wọ́n kọ sínú ìwé wọn lọ́jọ́ náà ni pé: "Apá kan, a ti dá a padà fún ẹni tó ni ín. Ẹni tó ni ín ní méjì mìíràn lára."

Láti ọjọ́ náà ni Kakuri ti sọ ọ́ ní Mai Jijiya. Jijiya ni iṣan ní èdè Hausa, nítorí náà Mai Jijiya ni oníṣan. Orúkọ náà dùn mọ́ ọn ju èyí tí bàbá rẹ̀ fún un ní Ògbómọ̀ṣọ́ lọ.

Moróunkẹ́ aránṣọ, tó háyà yàrá iwájú ilé Bàbá ní Ungwan Boro fi ṣe ṣọ́ọ̀bù, gbọ́ ìtàn yìí lẹ́nu Bàbá tó ìgbà igba. Ní ọdún àkọ́kọ́, ọgbọ̀n èèyàn ló yí bọ́ọ̀sì ká. Ní ọdún kẹta, wọ́n ti di ọ̀ọ́dúnrún. Nígbà tó yá, àwọn ṣọ́jà bẹ̀rẹ̀ sí í wà níbẹ̀. Moróunkẹ́ máa ń rẹ́rìn-ín títí omi á fi jáde lójú rẹ̀. Ṣùgbọ́n bí ẹlòmíràn bá fi Bàbá ṣe yẹ̀yẹ́ lẹ́yìn rẹ̀, yóò gbé ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ sókè, yóò ní, "Ẹ wo ọwọ́ yìí. Iṣẹ́ abẹ́rẹ́ ni mò ń jẹ. Bí kì í bá ṣe ti Bàbá yẹn, bóyá ni ǹ bá ní in lónìí." Ẹni tí a ṣe lóore tí kò dúpẹ́, bí ọlọ́ṣà kó ni lẹ́rù lọ ni, Moróunkẹ́ kì í sì í ṣe ọlọ́ṣà.

Kí á má parọ́ mọ́ òkú, Bàbá kì í ṣe dókítà. Ìwé mẹ́fà ló kà. Ohun kan ṣoṣo ló mọ̀ nínú ara èèyàn, ìyẹn ọ̀nà tí ẹ̀jẹ̀ ń gbà láti àyà dé orí ìka, nítorí pé apá ni ẹ̀rọ ìhunṣọ máa ń jẹ, apá ni wọ́n sì máa ń gbé wá bá a. Ṣùgbọ́n ó mọ̀ ọ́n dé gbòǹgbò. Bí ẹnìkan bá wá sọ fún un pé ẹsẹ̀ ń dun òun, yóò dáhùn pé, "Ẹsẹ̀ kì í ṣe ẹ̀ka tèmi. Wá ẹlẹ́sẹ̀ lọ." Kò sí bí wọ́n ṣe lè bẹ̀ ẹ́ tó, kò ní wò ó.

Ohun tó tún fẹ́ràn ní Kaduna ju ohun gbogbo lọ ni ìkíni àwọn Hausa. Èèyàn á di ọwọ́ rẹ̀ mú, á ní, "Sannu, Baba. Ina kwana? Ina gajiya? Yaya iyali? Yaya aiki? Yaya zafi?" Wọ́n á béèrè oorun, wọ́n á béèrè àárẹ̀, wọ́n á béèrè ìdílé, iṣẹ́ àti ooru, ọwọ́ á sì wà nínú ọwọ́ títí wọn yóò fi parí. Bàbá ti fi aago wọ̀n ọ́n: ìdajì ìṣẹ́jú ni. Bí ó bá ti ń dáhùn "lafiya lau," ìyẹn àlàáfíà ni, ìka rẹ̀ méjì á ti yọ́ dé ọrùn ọwọ́ onítọ̀hún, á máa ka bí iṣan ṣe ń sọ. Bí ìkíni bá parí, á ní, "Lafiya lau. Mẹ́rìndínlọ́gọ́rin. O ò tíì jẹun láàárọ̀ yìí." Mẹ́kánííkì kan ní òpópónà wọn máa ń gba ẹ̀yìn ilé lọ síbi iṣẹ́ bí kò bá tíì jẹun.

Ìkíni Yorùbá ni kò bá iṣẹ́ rẹ̀ mu. Bí ọmọkùnrin bá rí àgbà, á dọ̀bálẹ̀, ọwọ́ méjèèjì á sì wà nílẹ̀ níbi tí àgbà kò ti lè dé ọ̀dọ̀ wọn. Ọmọ tó bá na ọwọ́ sí àgbà, wọ́n á ní kò lẹ́kọ̀ọ́ ilé. Ní ìpàdé ẹgbẹ́ ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ ní Kaduna, ohùn Bàbá ni wọ́n máa ń gbọ́ lẹ́nu ọ̀nà: "Dìde jàre! Kí ni mo fẹ́ fi àyà rẹ ṣe? Gbé ọwọ́ wá!"

Akọ̀wé ẹgbẹ́, Ìbíyínká, obìnrin tí kò gba gbẹ̀rẹ́, gbé ẹjọ́ náà wá síwájú ìpàdé. Ó ní Bàbá Oyèdélé ń ba àwọn ọmọ jẹ́. Ìjíròrò náà gba wákàtí méjì. Àwọn Mùsùlùmí inú ẹgbẹ́ ní bíbọ ara ẹni lọ́wọ́ dára. Àwọn Kìrìsìtẹ́nì ní kò sí ohun tó burú níbẹ̀ ṣùgbọ́n àgbà ni àgbà. Nígbẹ̀yìn, wọ́n dìbò: ọmọdé á kọ́kọ́ dọ̀bálẹ̀, á dìde, á wá na ọwọ́. Títí dòní, bẹ́ẹ̀ ni àwọn ọmọ ẹgbẹ́ náà ṣe ń kí àgbà, àwọn tó bá sì wá kí wọn láti ilé rò pé àṣà Kaduna ni.

Nígbà tí Tómilọ́lá, ọmọbìnrin Bàbá, mú ọkọ àfẹ́sọ́nà wálé, Moróunkẹ́ ló ń gbé mínírà kiri, nítorí náà ojú rẹ̀ ló ṣe. Ọmọkùnrin náà àti àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ mẹ́ta dọ̀bálẹ̀ gbalaja sórí kápẹ́ẹ̀tì. Gbogbo ilé ń retí pé kí Bàbá súre. Bàbá kúnlẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ ọkọ ìyàwó, ó fa ọwọ́ rẹ̀ yọ lábẹ́ àyà, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kà.

"Àádọ́fà!" ni Bàbá kígbe. "Ọmọkùnrin, bí ìwọ ò bá máa purọ́ fún mi, a jẹ́ pé o fẹ́ràn ọmọ mi dójú ikú. Èwo ni nínú méjèèjì?"

Ọkọ ìyàwó fi ojú bo kápẹ́ẹ̀tì. "Méjèèjì ni, sà. Mo sọ fún Tómilọ́lá pé mo ti kọ́lé tán. Ó ku òrùlé, sà."

Bàbá rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀. Ó ní ọkùnrin tí iṣan rẹ̀ kò lè bá a purọ́ ṣeé bá gbé, ó sì fún un ní ọmọ. Òrùlé náà gorí ilé lẹ́yìn ọdún méjì.

Bí Bàbá bá ti bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́, kò sí ohun tó lè dá a dúró, ẹ̀kọ́ yìí ló sì fẹ́ kó ìtìjú bá Moróunkẹ́ lọ́jọ́ kan. Ọmọbìnrin kan tó ń jẹ́ Queen fẹ́ ṣe ìgbéyàwó lọ́jọ́ Sátidé. Ọjọ́ Wẹsidé ni. Moróunkẹ́ ti rán aṣọ léèsì funfun náà tán, ó fi kọ́ sára ògiri, ó sáré lọ ra bọ́tìnì. Àwọn oníbàárà méjì ń dúró dè é, Bàbá sì ń dá wọn lára yá. Ó fẹ́ fi ibi tí iṣan ti pín hàn wọ́n, apá tó sì sún mọ́ ọn jù ni apá aṣọ Queen. Ó yọ báírò pupa nínú àpò rẹ̀.

Nígbà tí Moróunkẹ́ padà dé, ìlà pupa ti gba èjìká aṣọ ìyàwó bọ̀, ó ti pín ní ìgbọ̀nwọ́, ó sì ti dé etí ọwọ́. Bọ́tìnì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

"Bàbá, kí lẹ ṣe fún mi yìí?"

"Mo kàn fi ọ̀nà hàn wọ́n ni."

Wọ́n fi ọṣẹ fọ̀ ọ́, wọ́n fi ọsàn wẹ́wẹ́ ra á, wọ́n tún fi nǹkan tí àwọn alágbàfọ̀ ń lò sí i. Báírò náà ń wò wọ́n. Moróunkẹ́ jókòó sílẹ̀, ó ká ọwọ́ lérí. Bàbá wọlé lọ, ó gbé apá pílásítà rẹ̀ jáde wá, ó gbé e lé orí tábìlì Moróunkẹ́.

"Moróunkẹ́ ọmọ mi, bí kò bá ṣeé parẹ́, a ó tẹ̀lé e."

Òwú sílíìkì pupa ni Moróunkẹ́ fi kó iṣẹ́ lé ìlà náà lórí, ọwọ́ ló fi ṣe é, abẹ́rẹ́ kan sí òmíràn, fún ọjọ́ méjì gbáko. Bó ti ń rán an, Bàbá jókòó tì í, ó ń tọ́ ọ sọ́nà. "Rárá, má tíì pín in. Ìgbọ̀nwọ́ ni wọ́n ti ń pín."

"Bàbá, aṣọ ìyàwó mà ni."

"Ṣé ìyàwó kò ní ìgbọ̀nwọ́ ni?"

Queen dé lọ́jọ́ Jimọ. Ó wo aṣọ náà, ó wọ̀ ọ́, ó na apá, ó ní kò sí ìyàwó tó tíì wọ irú èyí rí ní gbogbo Kaduna, igi eléwé ni ó pè é. Kò sẹ́ni tó tún ọ̀rọ̀ náà ṣe fún un. Kí ọdún tó parí, ìyàwó mọ́kànlá ti wá béèrè fún "apá Mai Jijiya," àwọn kan wá láti Kinkinau lódìkejì odò. Bẹ́ẹ̀ ni ṣọ́ọ̀bù Moróunkẹ́ ṣe lórúkọ, tó fi rówó rán ọmọ rẹ̀ níléèwé. Báyìí ló ṣe jẹ́ pé ọwọ́ ọ̀tún yìí ni gbogbo ilé ń jẹ.

Bàbá náà mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ní àárọ̀ ọjọ́ kan nígbà ọyẹ́, ó ní kí Moróunkẹ́ gbé ọwọ́ náà wá. Ó ní kó di ẹ̀ṣẹ́ dáadáa. Ó fi àtàǹpàkò rẹ̀ méjèèjì tẹ ọrùn ọwọ́ náà, ọ̀kan ní ẹ̀gbẹ́ àtàǹpàkò, ọ̀kan ní ẹ̀gbẹ́ ọmọńdinrín, ó sì ní kó la ọwọ́. Àtẹ́lẹwọ́ náà ti ṣì, kò sí ẹ̀jẹ̀ níbẹ̀. Bàbá tú ẹ̀gbẹ́ ọmọńdinrín sílẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kà. Lára ọ̀pọ̀ èèyàn, kí ó tó ka mẹ́wàá, ẹ̀jẹ̀ á ti padà. Ó ka mẹ́wàá, ó ka ogún. Ọwọ́ Moróunkẹ́ ṣì funfun bí ògì. Ìgbà tó tú ẹ̀gbẹ́ àtàǹpàkò sílẹ̀ ló tó pọ́n padà. Ó dán ti òsì wò, ti òsì dára.

Bàbá kò ṣeré kankan lọ́jọ́ náà. "Moróunkẹ́, ọ̀nà méjì ló yẹ kó máa bọ́ àtẹ́lẹwọ́. Ti ọ̀tún rẹ, ọ̀kan ṣoṣo ló ń bọ́ ọ, èyí tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ àtàǹpàkò. Má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ki nǹkan bọ̀ ọ́ láé. Tún un sọ fún mi gbọ́." Moróunkẹ́ tún un sọ, ó ń fi ẹ̀rín pamọ́. Láti ọjọ́ náà, bí ó bá ti ń ṣí ṣọ́ọ̀bù, á gbọ́ ohùn Bàbá láti inú ilé: "Ọwọ́ ọ̀tún ńkọ́?" Á sì dáhùn pé, "Ó wà, Bàbá."

Ọdún 2016 ni ẹ̀rín náà tán. Ìju ti dàgbà nínú ilé ọmọ Moróunkẹ́, ó di dandan kí wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ fún un, ẹ̀jẹ̀ ríru sì ń bá a fà á. Ní ọsibítù, dókítà tó fẹ́ fún un ní oògùn oorun, Dókítà Hameedat, ṣàlàyé fún un pé àwọn yóò ki ọ̀pá tín-ín-rín kan bọ iṣan àlọ ní ọrùn ọwọ́ rẹ̀, kí ẹ̀rọ lè máa wo ìfúnpá rẹ̀ títí iṣẹ́ á fi parí. Omi ti ń wọ ọwọ́ òsì rẹ̀. Ọwọ́ ọ̀tún ni dókítà mú.

Moróunkẹ́ la ẹnu láti sọ̀rọ̀. Ta ni òun láti sọ fún dókítà pé bàbá onílé òun ní kí wọ́n má ṣe é? Ahmed ọkọ rẹ̀ wà níta, wọn kò jẹ́ kó wọlé. Ó wo ọwọ́ tó ń bọ́ ọmọ rẹ̀, ó wo abẹ́rẹ́ náà, ó sì ń ronú ohun tí yóò kọ́kọ́ sọ. Ibẹ̀ ni ilẹ̀kùn ti ṣí, Bàbá Oyèdélé sì wọlé, ó wọ ẹ̀wù funfun kílíníìkì iléeṣẹ́ aṣọ, ó gbé kúlà oúnjẹ dání. Gbogbo ẹnu ọ̀nà tó gbà kọjá ni wọ́n ti ń kí i ní "Good morning, sir," wọ́n sì ń ṣílẹ̀kùn fún un. Kò purọ́ fún ẹnikẹ́ni, nítorí kò sẹ́ni tó bi í léèrè.

"Kì í ṣe ọwọ́ yẹn o!" ni Bàbá sọ.

Dókítà Hameedat yíjú padà. Ọmọ Yorùbá tí wọ́n bí ní Kaduna ni, ó gbọ́ gbogbo rẹ̀, ṣùgbọ́n Hausa ló fi dáhùn. "Baba, a wane asibiti kake aiki?" Ọsibítù wo ni Bàbá ti ń ṣiṣẹ́?

"Kílíníìkì iléeṣẹ́ aṣọ, Kakuri."

"Ah-ah, Baba! Wọ́n ti ti ibẹ̀ pa láti nine years!"

"Wọ́n ti ibẹ̀ pa. Wọn ò ti èmi pa."

Nọ́ọ̀sì kan ń wá ẹni tí yóò pe ẹ̀ṣọ́. Bàbá gbé kúlà sílẹ̀. "Dókítà, ọmọ mi, ìwọ lo kàwé, èmi ò kà á. Tẹ ọ̀nà méjèèjì, tú ti ọmọńdinrín sílẹ̀, kí o kà. Bí mo bá purọ́, jẹ́ kí wọ́n tì mí jáde. Ọwọ́ yẹn ni ọmọ yìí fi ń jẹun. Mo bẹ̀ ọ́."

Moróunkẹ́ kò tíì gbọ́ kí Bàbá bẹ ẹnikẹ́ni rí. Bóyá ohun tí dókítà náà gbọ́ nìyẹn. Ó mú ọwọ́ náà, ó tẹ̀ ẹ́, ó tú u, ó kà. Mẹ́wàá. Mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ogún. Ó tún un ṣe lẹ́ẹ̀kejì. Nọ́ọ̀sì tó ń wá ẹ̀ṣọ́ ti sún mọ́ wọn, ó ń wò. Lọ́pọ̀ ìgbà, ọ̀pá bẹ́ẹ̀ kì í ṣe èèyàn ní nǹkan kan. Ṣùgbọ́n bí ẹ̀jẹ̀ bá dì sínú ọ̀nà kan ṣoṣo tó ń bọ́ ọwọ́, ìka lè kú.

Dókítà Hameedat gbé abẹ́rẹ́ sílẹ̀. Yorùbá ló sọ nísinsìnyí, ó ń wá ọ̀rọ̀ náà ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. "Bàbá, ẹ ṣé. Ẹ ṣé gan-an. A máa lo òsì." Ó na ọwọ́ sí Bàbá, Bàbá gbà á, ó dì í mú pẹ́ díẹ̀. "Méjìléláàádọ́rùn-ún," ni Bàbá wí. "Lọ jẹun kí o tó ṣiṣẹ́. Ìrẹsì wà nínú kúlà yìí." Ó sì jẹun lóòótọ́.

Nígbà tí Moróunkẹ́ la ojú lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ náà, kí ó tó béèrè ọkọ, kí ó tó béèrè omi, ó ka ìka ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀. Wọ́n pé. Ó ká wọn, ó nà wọ́n, gbogbo wọn sì gbọ́ràn sí i lẹ́nu.

Ohun kan ṣoṣo tí kò rí ṣe ni pé kó dúpẹ́. Kì í ṣe pé kò gbìyànjú. Bí ó bá ti kúnlẹ̀ níwájú Bàbá, tó ní, "Bàbá, mo wá dúpẹ́ ọwọ́ mi," Bàbá á ní, "Dìde jàre, iṣẹ́ wà nílẹ̀." Bí ó bá gbé obì wá, Bàbá á pín in fún àwọn oníbàárà. Lọ́dún kan, ó mú Ahmed àti ọmọ wọn dání kí Bàbá lè rójú gbọ́ tiwọn, Bàbá sì fi ọwọ́ Ahmed kọ́ wọn lẹ́kọ̀ọ́ títí wọ́n fi gbàgbé ohun tó gbé wọn wá. Ọpẹ́ náà wà lọ́rùn Moróunkẹ́ fún ọdún márùn-ún.

Ní ọdún 2021, nígbà òjò, Bàbá jẹun ọ̀sán tán, ó jókòó sórí àga rẹ̀, ó sùn, kò jí mọ́. Ẹni ọdún mọ́kàndínlọ́gọ́rin ni. Àwọn ẹbí ní kí wọ́n ra aṣọ tí wọn yóò wọ̀ fún un ní ọjà. Moróunkẹ́ kò gbà. Ó ní ẹnikẹ́ni kò ní rán aṣọ yẹn bí kò ṣe òun, ọwọ́ ni òun sì máa fi rán an, kì í ṣe ẹ̀rọ. Ó ti ṣọ́ọ̀bù fún ọjọ́ méjì.

Tómilọ́lá wọlé wá bá a níbi tó ti ń rán an. Ó gbé apá aṣọ náà sókè, ó wò ó. "Àǹtí, apá yìí fẹ̀ jù. Èèyàn méjì lè wọ inú rẹ̀."

"Mo mọ̀," ni Moróunkẹ́ wí. "Gbogbo aṣọ tí mo rán fún bàbá rẹ láyé ló ń ráhùn sí. Ó ní apá rẹ̀ ti fún jù, òun ò lè ká a dé èjìká kọ́ èèyàn. Èmi á ní bí ó bá fẹ̀ jù bẹ́ẹ̀, kò ní wuyì. Èmi ni mo máa ń borí. Èyí ni mo fi gbà fún un."

"Ta ló fẹ́ kọ́ níbi tó ń lọ?"

"Ṣé ìwọ rò pé àwọn ará ibẹ̀ mọ ibi tí iṣan ti ń pín?"

Tómilọ́lá bú sẹ́rìn-ín, Moróunkẹ́ náà bú sẹ́rìn-ín, wọ́n di ara wọn mú, wọ́n sì rẹ́rìn-ín títí ó fi di ẹkún. Nígbà tí wọ́n nu ojú tán, Moróunkẹ́ fi eyín gé òwú, iṣẹ́ parí.

Lẹ́yìn tí wọ́n wọ aṣọ náà fún Bàbá, tí àwọn ẹbí jáde, Moróunkẹ́ kúnlẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ó dúró díẹ̀, ó ń retí. Kò sẹ́ni tó ní kó dìde. Nígbà náà ló bẹ̀rẹ̀. Ó dúpẹ́ ti ọwọ́ rẹ̀, ó dúpẹ́ ti aṣọ Queen, ó dúpẹ́ ti owó iléèwé ọmọ rẹ̀ àti ti gbogbo àárọ̀ tí ẹnìkan béèrè ọwọ́ rẹ̀ bí ẹni béèrè ọmọ. Ó sọ gbogbo rẹ̀ dé ìparí, Bàbá sì gbọ́ ọ láìdá a lẹ́nu.